Ẹ bá wa tẹ ìwọ̀n igi tí Tóbí Amúsàn ń fò

Olóòtú Àgbà, ẹ kú iṣẹ́ o.

Kápẹ́ńtà ni mí, ní Ìsánlú níbí. Ìròyìn tí ẹ kọ nípa àmì-ẹ̀yẹ fàdákà tí Tóbí Amúsàn, ọmọ Nàìjíríà tó ń sá eré ọgọ́rùn-ún mítà tí wọ́n ti ń fo igi, gbà níbi ìdíje àgbáyé ní Tokyo lọ́dún 2025 ló mú mi gbé bírò. Ẹ ròyìn eré náà dáadáa: ìṣẹ́jú-àáyá 12.29 ló fi sá a, Ditaji Kambundji ọmọ Switzerland sì fi 12.24 ṣíwájú rẹ̀. Àmọ́ ẹ ò sọ nǹkan kan nípa igi tí wọ́n ń fò, igi yẹn ló sì jẹ mí lógún.

Ọmọ mi obìnrin, ọmọ ọdún mẹ́rìnlá, ló kó mi wọ ọ̀rọ̀ yìí. Bẹ́ńṣì kíláàsì ni òun àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń tò sórí pápá láti fò. Mo ní ọmọ kápẹ́ńtà kò gbọdọ̀ máa fo bẹ́ńṣì. Mo fi pákó kan igi mẹ́ta fún un, mo ri ẹsẹ̀ wọn mọ́lẹ̀ gbọin-gbọin kí atẹ́gùn má baà gbé wọn ṣubú. Inú mi dùn sí iṣẹ́ náà. Lọ́jọ́ kejì, ẹsẹ̀ ọmọ gbá igi àárín. Igi ò mira. Ọmọ ló ṣubú, ojúgun rẹ̀ bó, ó sì fi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tiro. Ọwọ́ ara mi ni mo fi kan igi yẹn, mi ò lè dì í ru ẹlòmíràn.

Lásìkò tó ń tiro yẹn, ó bi mí bóyá nǹkan ti bàjẹ́ mọ́ Amúsàn náà lọ́wọ́ rí. Mo sọ fún un pé ní Òlíńpíìkì Paris lọ́dún 2024, ọmọ àwọn olùkọ́ láti Ìjẹ̀bú-Òde yìí, tó ti gba wúrà àgbáyé, kò dé àṣekágbá. Ọdún tó tẹ̀ lé e ló gba fàdákà yìí.

Èmi wá jókòó ti fóònù, mo ń wo eré ìdíje àgbáyé tó wáyé ní Eugene, Amẹ́ríkà, ti ọjọ́ 24 oṣù keje ọdún 2022 ní àwòtúnwò. Ní ìpele tó ṣáájú àṣekágbá, Amúsàn sá 12.12, ó bo àkọsílẹ̀ àgbáyé, 12.20, tí Kendra Harrison ọmọ Amẹ́ríkà ti sá ní London lọ́dún 2016 mọ́lẹ̀. Lọ́jọ́ kan náà ló sá 12.06 tó fi gba wúrà, ṣùgbọ́n atẹ́gùn tó ń tì wọ́n lẹ́yìn ti kọjá mítà 2.0 láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan tí òfin gbà, 2.5 ni, ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ 12.12 ni wọ́n kọ sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí àkọsílẹ̀ àgbáyé tuntun. (Wọ́n ṣì ń bá mi jiyàn èyí ní ṣọ́ọ̀bù.) Ẹsẹ̀ igi ni èmi ń wò ní tèmi. Ọ̀dọ̀ ẹni tó ń sáré bọ̀ ni ẹsẹ̀ méjèèjì nà sí, kò sí ẹsẹ̀ kankan ní òdìkejì. Bí eléré bá gbá a, iwájú ló ń wó sí, ó ń yà fún un ni. Ohun wíwúwo wà nídìí rẹ̀, èyí tí kì í jẹ́ kí atẹ́gùn lásán bì í lulẹ̀.

Jasmine Camacho-Quinn, ọmọ Puerto Rico tó ń sá irú eré yìí, kọ lu igi ní Òlíńpíìkì Rio lọ́dún 2016, wọ́n sì yọ ọ́ kúrò. Nígbà tó di Òlíńpíìkì Tokyo, òun ló gba wúrà, Amúsàn ṣe ipò kẹrin. Bó bá jẹ́ irú igi tí mo kàn ló gbá ní Rio ńkọ́?

Ohun tí mo ń bẹ̀ yín fún ni pé kí ẹ ya igi yìí sínú ìwé ìròyìn yín, kí ẹ kọ ìwọ̀n rẹ̀ ní ínṣì, torí ínṣì ni ọ̀pọ̀ kápẹ́ńtà wa mọ̀. Gíga tàwọn obìnrin àgbà jẹ́ ínṣì 33, tàwọn ọmọbìnrin tí kò tíì pé ọdún 18 jẹ́ 30. Fífẹ̀ rẹ̀ tó ínṣì 47. Igi mẹ́wàá ni: mítà 13 sí ti àkọ́kọ́, 8.5 láàárín igi kan sí èyí tó tẹ̀ lé e, 10.5 láti ìgbẹ̀yìn dé òpin. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ya ẹsẹ̀ rẹ̀ kó hàn gbangba. Kápẹ́ńtà wà láti Mopa títí dé Ẹ̀gbẹ̀, pákó sì wà.

Mo ti kan mẹ́rin tuntun, mo rọ sìmẹ́ńtì sínú páìpù sí ìdí wọn. Ó ku mẹ́fà. Lọ́jọ́ Sátidé, ọmọ mi gbá ìkẹta lulẹ̀, kò tilẹ̀ wẹ̀yìn, ó ti ń fo ìkẹrin.

Èmi ni tiyín,
Kápẹ́ńtà kan, Ìsánlú, Ìpínlẹ̀ Kogí.