Gbé Fóònù Yẹn, Adéwálé

Adéwálé ọmọ mi, Àkànní ọkọ mi,

Owó tí o fi ránṣẹ́ wọlé. O ṣé, o ò ní ráhùn owó. Ṣùgbọ́n owó kì í kí ìyá ẹni pé ẹ káàárọ̀. Láti ọjọ́ Àjíǹde mi ò tíì gbóhùn rẹ. Ilé dáa. Bísí ń ṣe wáèkì lọ́wọ́, ewúrẹ́ bí ìbejì, mítà iná tuntun ń jẹ owó burúkú.

Ọ̀rọ̀ tí ọmọ Ìyá Rìsí bá wálé ló jẹ́ kí n mú bírò. Ó ní òun wá kí ẹ ní Leeds nínú oṣù Keje, o ò jẹ́ kí òun wọ yàrá kan. Ó ní kàlẹ́ńdà 2021 ló wà lára ilẹ̀kùn rẹ̀, òtútù sì ń gba abẹ́ ilẹ̀kùn jáde, nígbà tí oòrùn ń ràn níta. Ó lu aago mẹ́sàn-án alẹ́, fóònù bẹ̀rẹ̀ sí dún níbẹ̀, orin tí o fi sí nọ́ńbà bàbá rẹ gan-an. O kàn yí tẹlifíṣọ̀n sókè ni.

Ṣé o ti ilẹ̀kùn yẹn pa ni, Wálé?

Àwọn tó gbọ́ ń rẹ́rìn-ín. Èmi ò rẹ́rìn-ín. Ṣé o rántí yàrá ẹ̀yìn nílé ìyá mi l'Agbẹ́ni, tí a ní ejò wà níbẹ̀? Kò sí ejò kankan. Ọjọ́ Sunday, 31 oṣù Kẹjọ 1980, ló wà níbẹ̀, ọjọ́ tí Ògùnpa kún tó gbé ilé, gbé mọ́tò, gbé èèyàn, tí gbogbo Ìbàdàn ń pè ní Omíyalé. Bí òjò bá ti ṣú, ọjọ́ náà á tún bẹ̀rẹ̀. Omi pupa á máa gun ògiri, ìkòkò ìyá mi á léfòó, bàtà ẹsẹ̀ kan á máa pòòyì láàárín yàrá. O lè ṣílẹ̀kùn, ẹ̀kán kan ò ní jò sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ohùn ìyá mi nìkan ló ń jáde: “Lọ pe…” Mi ò kì í gbọ́ orúkọ tó tẹ̀ lé e.

Àbúrò mi ọkùnrin ni wọ́n ní kí n lọ pè wá ní òdìkejì odò kí òjò tó le. Ẹ̀wà ni mò ń jẹ. Mo dé ẹnu ọ̀nà, mo padà, mo ní mo kanlẹ̀kùn, wọn ò dáhùn. Òkú tó lé ní 200 ni wọ́n rí kó lẹ́yìn omi yẹn. Tiẹ̀ ò sí níbẹ̀. Ìyá mi ò bú mi, wọ́n kàn ní ká má dárúkọ rẹ̀ mọ́. A ò dárúkọ rẹ̀ títí orúkọ náà fi bọ́ lẹ́nu gbogbo wa pátápátá. Bí a ṣe ń gbàgbé ni omi ń ga. Ìjọba gbẹ́ Ògùnpa, wọ́n fi kọnkéré há a. Tinú yàrá wa ò gbọ́ ti kọnkéré.

Olórí kunkun ni ẹ́. Èmi lo fi jọ. Ṣé o tiẹ̀ ń jẹun? Leeds yẹn, ṣé wọ́n ń ta èlùbọ́ gidi níbẹ̀?

Ilẹ̀kùn yẹn, Wálé, èmi ni mo bá ẹ kan án. Lọ́jọ́ tí bàbá rẹ kú, mo sọ fún ẹ pé orúkọ rẹ ni wọ́n ń pè títí ẹ̀mí fi bọ́. Irọ́ ni. Inú ló ń bí mi, torí wọ́n pè ẹ́ lálẹ́ ọjọ́ yẹn, o ò gbé e. Ẹ̀gbẹ́ wọn ni mo jókòó sí. Kọ́kọ́rọ́ ilé jẹnẹrétọ̀ ni wọ́n fẹ́ béèrè, wọ́n ní ìwọ lo fi pamọ́ kí o tó lọ. O ò gbé e, wọ́n ní “á ti sùn”, wọ́n mu ẹ̀kọ, wọ́n sùn. Ojú oorun ni wọ́n gbà lọ.

Nítorí náà, gbé e. Bí wọ́n bá béèrè, sọ fún wọn pé abẹ́ àpò ìrẹsì ni kọ́kọ́rọ́ wà. Ibẹ̀ la ti rí i. Má bẹ̀bẹ̀, wọn ò mọ̀ pé o ṣẹ̀ wọ́n. Má sì jókòó síbẹ̀ o! Àǹtí mi wọ yàrá Agbẹ́ni lọ wá ọmọ yẹn, wọ́n sì jáde láàyè, ṣùgbọ́n títí wọ́n fi kú, kọ́bọ̀ ni wọ́n fi ń ná ata lọ́jà.

Oṣù tó kọjá ni mo tó sọ ti ẹ̀wà yẹn fún ẹ̀gbọ́n mi obìnrin. Wọ́n sunkún, wọ́n bú mi tìyá-tìyá, wọ́n wá ní, “Káyọ̀dé ì bá ti bá ẹ jẹ ẹ́ tán.” Wọn ò mọ̀ pé àwọn dárúkọ. Omi ò tíì gbẹ o, ó ti wálẹ̀ dé orúnkún.

Gbé e, Wálé. Lẹ́yìn náà kí o pè mí ní Sunday, bí mo bá ti ṣọ́ọ̀ṣì dé. Bí o bá tún fowó ránṣẹ́ láìpè, màá ní kí Bísí dá a padà. Ọmọ Ìyá Rìsí sì ní òun gbàgbé jákẹ́ẹ̀tì òun sọ́dọ̀ rẹ. Wá a fún un.

Èmi ni,
Ìyá rẹ.