Bọ́sẹ̀, nítorí òkè tí o ń dá gùn

Bọ́sẹ̀ ọ̀rẹ́ mi,

O kú ọjọ́ mẹ́ta. Àárò rẹ ń sọ mí gan-an. Ara Màámi ti yá, Táíwò ti wọ yunifásítì, Fúnmi ti bí obìnrin.

Àwòrán tí o fi ránṣẹ́ láti orí Kinder Scout ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni kò jẹ́ kí n sùn. Òkè tó ga ní mítà 636, ìwọ nìkan! Inú mi dùn sí ẹ̀rín ẹnu rẹ, ó ti pẹ́ tí mo rí i. Ṣùgbọ́n mo rí òkúta tí o dúró lé, ó ń dán fún omi.

Àwa náà lọ sí Olúmirin ní Ẹ̀rìn-Ìjẹ̀ṣà lẹ́yìn Àjíǹde. Nínú ìpele méje tí omi ti ń já bọ̀, tọmọdé tàgbà ló ń dé àkọ́kọ́. Lẹ́yìn ìyẹn ló kan gbòǹgbò tó yọ síta, òkúta tí ewédò bò, igi tó wó dábùú ọ̀nà. Ọmọkùnrin tó mú wa gòkè kò jẹ́ ká kánjú. Ó ní ká fi ẹsẹ̀ dán òkúta wò ká tó gbé ara lé e, ká má tẹ gbòǹgbò tó tutù rárá, igi tó bá dábùú, ká gbẹ́sẹ̀ rékọjá rẹ̀, ká má gun orí rẹ̀. Níbi tó bá le, tí ẹsẹ̀ kan bá ń lọ, kí ẹsẹ̀ kejì àti ọwọ́ méjèèjì ti di nǹkan mú. Bọ́sẹ̀, ìsọ̀kalẹ̀ ló burú jù! Itan á ti rẹ̀ ọ́, ọkàn rẹ á sì ti délé ṣáájú rẹ. Gbé ẹsẹ̀ kúkúrú, jẹ́ kí orúnkún tẹ̀ díẹ̀, níbi tó bá dà gẹ̀rẹ̀ jù, kọjú sí àpáta.

Báàgì rẹ yẹn ń já sílẹ̀ lẹ́yìn. Fa okùn rẹ̀ kó lẹ̀ mọ́ ọ lára, torí bó bá ń mì, á gbé ọ ṣubú. Má sì mú fóònù lọ́wọ́.

Mo mọ ìdí tí o fi ń lọ. Láti ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ ẹni yẹn ti parí, ibẹ̀ nìkan lo ní ọkàn rẹ ti ń balẹ̀. N kò ní kí o má lọ. Mo bẹ̀ ọ́, wá ẹnì kan tí ẹ ó jọ máa rìn. Bí kò bá sí, kí o tó gbéra, fi ọ̀nà tí o máa gbà àti aago tí o máa sọ̀ kalẹ̀ ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp. Bí aago yẹn bá kọjá tí n kò gbúròó rẹ, màá pe ẹ̀gbọ́n rẹ ní Manchester kí wọ́n pe 999, nọ́ńbà pàjáwìrì ibẹ̀, kí wọ́n ní kí ọlọ́pàá wá àwọn tó ń yọ èèyàn lórí òkè.

Fèsì kí Sátidé tó dé.

Èmi ni,
Àìná