Kóòtù tí kò ní bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú làálàá ìwé ìròyìn yìí. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo ka àpilẹ̀kọ kan nínú ìwé yín tó sọ pé ìjọba tí kò bá fẹ́ tọwọ́ bọ àdéhùn ìdáàbòbò fún àwọn olùdókòwò ilẹ̀ òkèèrè ń fọwọ́ ara rẹ̀ lé ìdàgbàsókè lọ ni. Mo kà á lẹ́ẹ̀mejì. Òǹkọ̀wé náà sọ̀rọ̀ owó, ó sọ̀rọ̀ iṣẹ́ tí àwọn ọ̀dọ́ á rí ṣe, ó sọ̀rọ̀ ọ̀nà àti iná. Kò sọ gbólóhùn kan ṣoṣo nípa kóòtù tó wà nínú àdéhùn náà. Ìdí nìyẹn tí mo fi mú bírò.

Ọdún 31 ni mo fi ṣe akọ̀wé kóòtù kí n tó fẹ̀yìntì. Èmi ni mò ń pe ẹjọ́, èmi ni mò ń gba ẹ̀rí tí mò ń fi nọ́ńbà sí i, èmi ni mò ń tọ́jú fáìlì. Ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, bí adájọ́ bá ti wà lórí àga, ilẹ̀kùn wa kì í tì. Ẹni tí ọ̀rọ̀ kò kàn rárá á wọlé, á jókòó sórí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn, á fetí sílẹ̀. Àwọn kan máa ń rò pé ẹni tí kò ríṣẹ́ ṣe ni irú wọn. Èmi mọ iṣẹ́ tí wọ́n ń ṣe. Mo rí ẹlẹ́rìí kan nígbà kan tó ń purọ́ geere bí ẹni ń ka ìwé, àfi ìgbà tó gbójú sókè tó rí ẹnì kan lórí bẹ́ǹṣì yẹn tó mọ bí ọ̀rọ̀ ṣe jẹ́. Ohùn rẹ̀ há. Kí ọjọ́ náà tó parí, ó ti yí ẹnu padà. Bí ìdájọ́ kò bá sì tẹ́ ẹnì kan lọ́rùn, ọ̀nà kóòtù kò-tẹ́-mi-lọ́rùn wà.

Ẹ wá wo kóòtù inú àdéhùn. Jámánì àti Pakistan ló kọ́kọ́ ṣe irú àdéhùn yìí ní 1959. Lónìí, iye wọn lágbàáyé ti lé ní 2,000. Èyí tó pọ̀ jù nínú wọn sọ pé bí ilé iṣẹ́ ilẹ̀ òkèèrè bá rò pé òfin tàbí ìpinnu ìjọba kan pa òun lára, ó lè gbé ìjọba náà lọ síwájú ènìyàn mẹ́ta. Ilé iṣẹ́ á yan ẹnì kan, ìjọba á yan ẹnì kan, wọ́n á wá ẹnì kẹta tó máa ṣe alága. ICSID, àjọ kan lábẹ́ Báńkì Àgbáyé ní Washington tó bẹ̀rẹ̀ ní 1966, ni wọ́n ń gbé ẹjọ́ wọ̀nyí lọ jù. Ẹni tó jókòó bí adájọ́ nínú ẹjọ́ ti òní lè jẹ́ lọ́yà ilé iṣẹ́ nínú ẹjọ́ mìíràn lọ́la. Nínú ọ̀pọ̀ ẹjọ́, ará ìlú kò lè wọlé gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ.

Wọ́n ń pe èyí ní ìlàjà. Kì í ṣe ìlàjà. Ẹni tó ń làjà á bẹ tọ̀tún tòsì, ẹni tí kò bá sì wù láti gbà lè dìde kó máa lọ. Àwọn mẹ́ta yìí ń dá ẹjọ́, owó tí wọ́n bá dá lé orílẹ̀-èdè lórí sì lè lé dúkìá rẹ̀ bá a ní ilẹ̀ òkèèrè. Kò sí kò-tẹ́-mi-lọ́rùn níbẹ̀. A lè bẹ ìgbìmọ̀ mìíràn pé kó fagi lé ìdájọ́ bí ọ̀nà tí wọ́n gbà gbọ́ ẹjọ́ bá wọ́ gan-an, ṣùgbọ́n pé wọ́n ṣi òfin túmọ̀ nìkan kò tó. Ilé iṣẹ́ ló ń pe ìjọba. Ìjọba kì í pe ilé iṣẹ́. Àwọn ará abúlé tí ìwakùsà ba omi wọn jẹ́ kò lè pe ẹnikẹ́ni. Àwọn àgbà wa ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Ẹ̀yin tí ẹ ń kà á, ẹ jọ̀wọ́, ẹ sọ ohun tí a ó pe kóòtù tí ẹnìkan ṣoṣo ti lẹ́tọ̀ọ́ láti pẹjọ́.

Ẹjọ́ Pakistan ni kì í jẹ́ kí n sùn. Ilé iṣẹ́ Tethyan Copper, tí Barrick ti Kánádà àti Antofagasta ti Chile jọ ni, ná nǹkan bí 220 mílíọ̀nù dọ́là láti wá bàbà àti wúrà ní Reko Diq, ní ẹkùn Balochistan. Ní 2011, ìjọba kọ̀ láti fún wọn ní ìwé àṣẹ ìwakùsà. Ní 2013, kóòtù tó ga jù lọ ní Pakistan sọ pé àdéhùn tí wọ́n dúró lé kò bófin mu láti ìbẹ̀rẹ̀. Wọn kò tíì wa kùsà kankan. Síbẹ̀, ní oṣù Keje 2019, àwọn onídàájọ́ mẹ́ta ní kí Pakistan san owó gbà-máà-bínú tó sún mọ́ 5.9 bílíọ̀nù dọ́là, nítorí èrè tí ilé iṣẹ́ náà ì bá jẹ lọ́jọ́ iwájú ni wọ́n fi ṣírò rẹ̀. Oṣù yẹn kan náà ni IMF, àjọ àgbáyé tó ń yá àwọn ìjọba lówó, fọwọ́ sí ẹ̀yáwó 6 bílíọ̀nù dọ́là fún orílẹ̀-èdè náà. Owó tí wọ́n fẹ́ fi gbà á sílẹ̀ àti owó tí wọ́n ní kó san fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Ní 2022, wọ́n yanjú ọ̀rọ̀ náà, Barrick sì padà síbi kùsà náà. Ta ló lè bá mi sọ pé ẹni tí irú gbèsè yẹn gùn lọ́rùn lè dúnàá-dúrà bí ọmọlúàbí?

Èmi tí mo fi ayé mi sin kóòtù, ohun tó dùn mí jù nínú rẹ̀ ni ìdájọ́ 2013 yẹn. Àwọn adájọ́ tí òfin orílẹ̀-èdè wọn gbé sórí àga gbọ́ ẹjọ́, wọ́n kọ ìdájọ́ wọn sílẹ̀. Àwọn mẹ́ta kan tí aráàlú kò mọ̀ gbé e sí ẹ̀gbẹ́ kan.

Àwa náà ti rí tiwa. Ní 2010, ìjọba Nàìjíríà ṣe kọńtíráàtì gáàsì pẹ̀lú P&ID, ilé iṣẹ́ tí wọ́n forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ ní British Virgin Islands. Wọn kò kọ́ ilé iṣẹ́ gáàsì náà. Kọńtíráàtì nìyẹn o, kì í ṣe àdéhùn láàárín orílẹ̀-èdè méjì, ṣùgbọ́n irú yàrá kan náà ni ẹjọ́ rẹ̀ wọ̀ ní London. Ní 2017, wọ́n ní ká san 6.6 bílíọ̀nù dọ́là, èlé sì sọ ọ́ di ohun tó lé ní 11 bílíọ̀nù. Ìgbà tí ọ̀rọ̀ dé kóòtù gbangba ni Adájọ́ Robin Knowles sọ, ní oṣù Kẹwàá 2023, pé ọ̀nà jìbìtì ni wọ́n fi gba ìdájọ́ yẹn. Ó rí rìbá, ó rí ẹ̀rí èké, ó rí i pé ìwé àṣírí tó wà láàárín ìjọba àtàwọn lọ́yà rẹ̀ ti bọ́ sọ́wọ́ ilé iṣẹ́ náà. Mo mọ̀ pé bí ìjọba wa ṣe gbèjà ara rẹ̀ níbẹ̀rẹ̀ kò dára tó. Ṣùgbọ́n ọdún mélòó ni gbogbo nǹkan wọ̀nyí fi wà nínú yàrá yẹn tí ojú kankan kò tó o? Kò sí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn.

Mo ti mọ ohun tí wọ́n máa fi dá mi lóhùn: Uruguay borí ilé iṣẹ́ sìgá Philip Morris. Lóòótọ́ ni. Ààrẹ Tabaré Vázquez, tó jẹ́ dókítà àrùn jẹjẹrẹ, mú kí ìkìlọ̀ gba ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún páálí sìgá. Ilé iṣẹ́ náà pe orílẹ̀-èdè rẹ̀ lẹ́jọ́ ní 2010, ó sì pàdánù ní 2016. Ọdún mẹ́fà ni wọ́n fi ṣe é, àjọ Michael Bloomberg, olówó ará Amẹ́ríkà, ló sì bá Uruguay gbé ẹrù owó lọ́yà. Nínú ọdún kan náà, El Salvador borí ilé iṣẹ́ ìwakùsà wúrà kan lẹ́yìn ọdún méje. Àwọn tó borí nìyẹn. Togo àti Namibia wà lára àwọn orílẹ̀-èdè tí àwọn ilé iṣẹ́ sìgá kìlọ̀ fún pé òfin tí wọ́n ń gbèrò yóò ta ko àdéhùn. Ẹjọ́ tó dé iwájú adájọ́ ní nọ́ńbà, mo lè wá fáìlì rẹ̀ rí. Òfin tí mínísítà kan dá padà sínú dúrọ́ọ̀ nítorí lẹ́tà kan kò ní nọ́ńbà kankan, ẹnikẹ́ni kò sì ní mọ iye ènìyàn tó kú nítorí rẹ̀.

Ní ti pé owó kò ní wọlé, kí òǹkọ̀wé yín wo Brazil. Ó tọwọ́ bọ irú àdéhùn wọ̀nyí ní àwọn ọdún 1990, àwọn aṣòfin rẹ̀ kò fọwọ́ sí ọ̀kankan, síbẹ̀ ó wà lára àwọn ibi tí owó ilẹ̀ òkèèrè ń wọ̀ jù lọ láyé. South Africa bẹ̀rẹ̀ sí í fagi lé tirẹ̀ ní 2012, lẹ́yìn tí àwọn olùdókòwò láti Yúróòpù ti pè é lẹ́jọ́ lórí òfin tó fẹ́ fún àwọn aláwọ̀ dúdú ní ìpín nínú ìwakùsà. Ní oṣù Kẹrin 2024, wọ́n bi àwọn ará Ecuador nínú ìbò bóyá kí orílẹ̀-èdè wọn padà sínú ètò yìí. Wọ́n ní rárá, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdá méjì nínú mẹ́ta wọn. Jámánì tó dá àṣà náà sílẹ̀ gan-an kúrò nínú àdéhùn lórí agbára iná, èyí tí Vattenfall ti Sweden fi pè é lẹ́jọ́ nígbà tó fẹ́ pa àwọn ilé iṣẹ́ iná átọ́míìkì rẹ̀ tì. Ó kúrò ní ìparí 2023, ṣùgbọ́n ìpín kan nínú àdéhùn náà ṣì dè é fún ogún ọdún sí i.

Olóòtú, ohun tí mo ń bẹ̀bẹ̀ fún kò pọ̀. Kí ìjọba tẹ orúkọ gbogbo àdéhùn irú èyí tí ó wà lórí wa jáde, kó sọ ọjọ́ tí a lè kúrò nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan, kó sì sọ iye ọdún tí yóò ṣì dè wá lẹ́yìn náà. Kó má tọwọ́ bọ òmíràn kí àwọn aṣòfin tó jíròrò rẹ̀ ní gbangba. Ẹ̀yin náà, ẹ mú ọ̀kan nínú wọn, ẹ túmọ̀ ìpín tó sọ̀rọ̀ kóòtù sí Yorùbá, kí ẹ tẹ̀ ẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ àpilẹ̀kọ tó bá tún fẹ́ yìn ín.

Èmi ni tiyín,
Akọ̀wé kóòtù tó ti fẹ̀yìntì