Centre 6, Harvard 0: Lẹ́tà sí ọ̀rẹ́ mi ní Lexington

Ọ̀rẹ́ mi ọ̀wọ́n,

Báwo ni òtútù Kentucky? Mo gbà pé ara yín le, pé àwọn ọmọ náà sì ń ṣe dáadáa.

O bi mí ìdí tí àwọn ará ibi iṣẹ́ rẹ kì í fi í yé sọ̀rọ̀ Centre College. Ẹ̀tọ́ wọn ni. Ní ọjọ́ 29 oṣù kẹwàá ọdún 1921, ilé-ẹ̀kọ́ kékeré tó wà ní Danville yẹn, tí akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ kò tó 300, lọ bá yunifásítì Harvard nílé, ó sì nà án nínú bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà, èyí tí wọ́n ń fọwọ́ gbé sá. Harvard ọ̀hún kò pàdánù ìdíje kankan ní 1919 àti 1920, òun ló sì gba Rose Bowl, ìdíje ńlá ọdọọdún ti àwọn ilé-ẹ̀kọ́ gíga, lọ́wọ́ Oregon, 7–6, ní ìbẹ̀rẹ̀ 1920.

Má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ fún ọ pé oríire lásán ni. Wo ohun tó ṣẹlẹ̀ ní 1920, nígbà tí Centre kọ́kọ́ lọ bá wọn. Ọ̀mì 14–14 ni wọ́n wà nígbà tí wọ́n lọ sinmi, àmọ́ 31–14 ni Harvard fi borí níkẹyìn. Láyé ìgbà yẹn, àwọn mọ́kànlá tó ń gbé bọ́ọ̀lù sá náà ló ń padà wá dínà, òfin kò sì jẹ́ kí wọ́n máa pààrọ̀ èèyàn bí wọ́n ṣe fẹ́. Ìdí nìyẹn tí ilé-ẹ̀kọ́ tó bá ti rí géńdé mọ́kànlá fi lè kojú èyíkéyìí. Ṣùgbọ́n bí ẹsẹ̀ bá ti ń wúwo, ẹni tí àwọn tó jókòó dè é lágbára ló máa jẹ gàba. Ibẹ̀ ni Harvard ti mú wọn lọ́dún náà.

Àwọn ọmọ náà ti mọwọ́ ara wọn tipẹ́. Bo McMillin, quarterback wọn (ẹni tó ń darí eré nígbà tí bọ́ọ̀lù bá wà lọ́wọ́ wọn), àti àwọn kan lára ẹgbẹ́ rẹ̀ ti jọ ń gbá a láti ilé-ẹ̀kọ́ girama ní Fort Worth, Texas, lábẹ́ kóòṣì Robert Myers, ẹni tó ti kàwé ní Centre fúnra rẹ̀. Charley Moran ló ń tọ́ wọn sọ́nà ní 1921. Rẹfirí béèsìbọ́ọ̀lù ni Moran nígbà ẹ̀ẹ̀rùn.

Ní 1921 yẹn, 0–0 ni ìdajì àkọ́kọ́. Nígbà tí wọ́n wọlé padà, kò pẹ́ tí Harvard fi rúfin, wọ́n sì fi yáàdì 15 jẹ wọ́n níyà. Bọ́ọ̀lù wá wà ní yáàdì 32 sí ìlà Harvard. McMillin gbé e fúnra rẹ̀, ó sá gba ọwọ́ ọ̀tún, gbogbo adínà sì ya tẹ̀lé e. Bó ṣe kù díẹ̀ kó kan etí pápá, ó dúró, ó yí gbirí padà sí àárín. Àwọn tó ń lé e ti sáré kọjá rẹ̀, ẹsẹ̀ wọn kò sì lè dúró mọ́. Ó gbé bọ́ọ̀lù kọjá ìlà òpin Harvard. Àmì mẹ́fà nìyẹn.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti le gan-an nìyí: wọn kò rí àmì kan tí ẹgbẹ́ tó bá wọlé máa ń fi ẹsẹ̀ gbá lé e gbà. Bí Harvard bá wọlé lẹ́ẹ̀kan péré, tí wọ́n sì gbá tiwọn bọ́ sí i, 7–6 ni. Ẹgbẹ́ tó ti rẹ̀ ní 1920 ní láti ṣọ́ àmì mẹ́fà yìí ní nǹkan bí ìdajì ìdíje odidi, níwájú èrò rẹpẹtẹ tí kì í ṣe tiwọn. Wọ́n ṣọ́ ọ títí fèrè fi dún. Lójú tèmi, ìdínà yẹn ló tóbi ju eré McMillin lọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé eré ni gbogbo ayé ń rántí.

Ní Danville, wọ́n kọ C6H0 sára ògiri, bíi fọ́múlà kẹ́mísìrì: Centre mẹ́fà, Harvard òdo. Ó ṣì wà níbẹ̀ lára ilé kan nínú ọgbà wọn. Láti Lexington sí ibẹ̀ kò tó wákàtí kan bí o bá wakọ̀. Bí o bá débẹ̀, jọ̀wọ́, ya fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi.

Èmi ni ọ̀rẹ́ rẹ,
Kúnlé