Owó tá a kọ̀

Ọ̀rẹ́ mi ọ̀wọ́n,

Mo rí lẹ́tà rẹ gbà. A dúpẹ́ pé ara ọmọ ti le. Ìbéèrè rẹ pa mí lẹ́rìn-ín: o ní kí ni agbéréjáde tiẹ̀ ń ṣe nídìí fíìmù, nígbà tó jẹ́ pé olùdarí ló ń sọ ibi tí kámẹ́rà máa kọjú sí? Owó là ń wá kiri. Èyí tó wá le jù níbẹ̀ ni ká rí owó ká sì kọ̀ ọ́.

Fíìmù tá à ń ṣe lọ́wọ́ dá lórí àwọn òṣìṣẹ́ tí èéfín kẹ́míkà ba ẹ̀dọ̀fóró wọn jẹ́. Ilé-iṣẹ́ kan ní àwọn máa gbé ìdajì ìnáwó rẹ̀. Wọ́n yá mọ́ wa, wọ́n gbé ìwé àdéhùn wá. Apá ìparí rẹ̀ ni mo ti bá gbólóhùn kan pàdé: àwọn ni yóò fọwọ́ sí ẹ́dítì tó kẹ́yìn, ìyẹn ni pé àwọn ni yóò sọ ohun tó máa kù nínú fíìmù àti èyí tá a máa gé kúrò. O ṣáà mọ̀ pé ọwọ́ afúnni ní í lékè. Mo dá ìwé náà padà, iṣẹ́ dúró, olùdarí sì di ojú mọ́ mi bí ẹni pé mo jí i lówó.

Owó táṣẹ́rẹ́ láti ọwọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn la ń kó jọ báyìí. Ọ̀nà yìí kì í ṣe tuntun. Lọ́dún 2006, Robert Greenwald, olùdarí fíìmù ará Amẹ́ríkà, tọrọ owó lórí íntánẹ́ẹ̀tì fún fíìmù rẹ̀ nípa àwọn tó ń fi ogun Ìráàkì jèrè, ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn sì dá a. Ó ń rẹni o, torí gbogbo wọn ló fẹ́ kéèyàn dáhùn lẹ́tà wọn, àmọ́ kò sí ẹnikẹ́ni nínú wọn tó lè dá fíìmù dúró. Olówó kan ṣoṣo ńkọ́? Participant, ilé-iṣẹ́ fíìmù tí olówó kan tó ń jẹ́ Jeff Skoll dá sílẹ̀ ní Amẹ́ríkà lọ́dún 2004, ṣe gudugudu méje nídìí irú fíìmù yìí, síbẹ̀ wọ́n kógbá sílé lọ́dún 2024.

Ohun tí ẹnikẹ́ni kò sọ fún mi ṣáájú ni ti àwọn tó wà nínú fíìmù. Ọ̀kan lára àwọn òṣìṣẹ́ yẹn ti fọwọ́ síwèé, ó ti jókòó síwájú kámẹ́rà, ó ti sọ gbogbo rẹ̀. Nígbà tí ẹ́dítì ń parí lọ, ó pè mí. Ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀, ó ní ọ̀gá òun ti ń béèrè ọ̀rọ̀. Ìwé wà lọ́wọ́ wa, lọ́yà sì ní a lè fi ojú rẹ̀ hàn. Ṣùgbọ́n ta ni yóò máa bọ́ ọmọ rẹ̀ tí wọ́n bá lé e? A bo ojú rẹ̀, a yí ohùn rẹ̀ padà. Ibẹ̀ ló dára jù nínú fíìmù náà tẹ́lẹ̀, kò sì dà bíi tàtijọ́ mọ́.

Fi ìwé ìnáwó tó o kọ yẹn ránṣẹ́ sí mi kó o tó bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Mo fẹ́ wò ó bóyá o rántí owó lọ́yà, torí mo mọ̀ ẹ́.

Bá mi kí ìyàwó.

Èmi ni,
Ọ̀rẹ́ rẹ tòótọ́