Mẹ́dàlì tọ́ sí àwọn òṣìṣẹ́ áńbúláǹsì

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Ọdún 2001 ni ìjọba Èkó dá LASAMBUS, iléeṣẹ́ áńbúláǹsì ìpínlẹ̀ náà, sílẹ̀. Ẹni tó bá ti wà níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ ti lé ní 20 ọdún lẹ́nu iṣẹ́. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, láti 1996 ni wọ́n ti ń fi mẹ́dàlì yẹ́ irú wọn sí tí wọ́n bá ti pé 20 ọdún.

Lóru ọjọ́ tí ọkọ̀ gbá àbúrò mi, obìnrin òṣìṣẹ́ áńbúláǹsì kan kúnlẹ̀ sórí títì, ó fi ọwọ́ méjèèjì di orí rẹ̀ mú kí ọrùn má baà yí, ó ń pe orúkọ rẹ̀ léraléra. Ẹ̀jẹ̀ rin aṣọ obìnrin náà gbingbin.

Ẹ bá wa sọ fún ìjọba: kí wọ́n fi mẹ́dàlì há irú wọn láyà kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì.

Òǹkàwé yín,
Kẹ́tu, Èkó