Lẹ́tà sí Ẹ̀yin Ọ̀dọ́ Tí Ẹ Fẹ́ Fi Ìdánwò Wádìí Ọkàn Ẹ̀dá

Ẹ̀yin ọmọ mi,

Inú mi dùn pé saikọ́lọ́jì, ìmọ̀ nípa ọkàn àti ìwà ẹ̀dá, ni ẹ yàn láàyò. Láti ọdún 1879 tí onímọ̀ kan, Wilhelm Wundt, ti dá yàrá ìwádìí sílẹ̀ ní Leipzig, ní Jámánì, ni iṣẹ́ yìí ti ní ilé tirẹ̀. Bí ojú ṣe ń ríran, bí a ṣe ń kọ́ nǹkan àti bí a ṣe ń gbàgbé, gbogbo rẹ̀ ló ń tú wò. Ohun kan ṣoṣo ló ń bà mí lẹ́rù nípa yín, pé kí ẹ má lọ máa rí kìkì ohun tí ọkàn yín ti ń fẹ́.

Ẹṣin kan wà ní Berlin tí wọ́n ń pè ní Hans. Bí wọ́n bá ní kí ó ro mẹ́rin mọ́ mẹ́ta, yóò fi pátákò lu ilẹ̀ lẹ́ẹ̀méje, yóò sì dúró. Ìgbìmọ̀ tó yẹ̀ ẹ́ wò ní 1904 kò rí ẹ̀tàn kankan. Olùwádìí kan, Oskar Pfungst, ló wá ronú pé kí ẹni tó ń béèrè má mọ ìdáhùn fúnra rẹ̀, tàbí kí wọ́n dí ẹṣin lójú kí ó má rí i. Bẹ́ẹ̀ ni ìṣirò pòórá. Orí olùbéèrè, tó máa ń gbé sókè díẹ̀ láìmọ̀ nígbà tí iye bá pé, ni Hans ń wò. Ẹ̀yin náà lórí tó ń mì. Nítorí náà, ẹni tí yóò gba èsì sílẹ̀ kò gbọdọ̀ mọ ọ̀wọ́ tí ẹnikẹ́ni wà nínú àwọn ọ̀wọ́ tí ẹ pín àwọn tí ẹ ń dán wò sí.

Bí ẹ bá fẹ́ mọ̀ bóyá ariwo ń ba ìrántí jẹ́, ọ̀rọ̀ kan náà àti ìṣẹ́jú kan náà ni kí ẹ fún ọ̀wọ́ méjèèjì, èyí tó wà ní yàrá aláriwo àti èyí tó wà ní yàrá tó dákẹ́, kí ó jẹ́ pé ariwo nìkan ni ìyàtọ̀ wọn. Kèké ni kí ó pín wọn, nítorí bí ẹ bá jẹ́ kí olúkúlùkù yan yàrá tó wù ú, àwọn tí ariwo kì í dà láàmú ni yóò kún yàrá aláriwo, èsì yín yóò sì ti wọ́ kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀.

Ní 2015, àwọn onímọ̀ tún ìwádìí saikọ́lọ́jì 100 tí àwọn mìíràn ti ṣe tẹ́lẹ̀ ṣe, láti wò ó bóyá èsì kan náà ni yóò jáde. Bíi 36 péré nínú wọn ló tún fi èsì tó dájú hàn. Ó dùn mí, ṣùgbọ́n mo yìn wọ́n pé wọ́n sọ ọ́ síta. Ẹ kọ ohun tí ẹ ń retí sílẹ̀ kí ìdánwò tó bẹ̀rẹ̀, kí ẹ fi ọjọ́ sí i. Bí ẹnikẹ́ni bá sì ní òun kò ṣe mọ́ láàárín ìdánwò, ẹ jẹ́ kí ó lọ láìbéèrè ìdí, bí ó tilẹ̀ jẹ́ òun ló kù kí iye yín pé.

Èmi ni,
Bàbá yín nínú iṣẹ́ yìí